Iona Fyfe, Olórin Ará Huntly

Huntly kì í ṣe ìlú ńlá. Ó wà ní Aberdeenshire, ní àríwá-ìlà-oòrùn Skọ́tlándì, níbi tí iṣẹ́ oko àti màlúù sísìn ti jẹ́ iṣẹ́ àjogúnbá. Ọmọ ibẹ̀ ni Iona Fyfe, tí wọ́n bí ní ọdún 1998. Orin kò sì wọ́n lágbègbè náà. Nígbà tí Gavin Greig, olùkọ́ ilé-ìwé, àti James Duncan, àlùfáà ìjọ, bẹ̀rẹ̀ sí í gba orin sílẹ̀ lẹ́nu àwọn ará oko ibẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, èyí tí wọ́n rí kó jọ lé ní 3,000. Ìwé mẹ́jọ ló gbà á nígbà tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde.

Àwọn àpọ́n alágbàṣe ló ni púpọ̀ nínú irú orin bẹ́ẹ̀. Láyé ìgbà náà, lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún, ní oṣù karùn-ún àti oṣù kọkànlá, àgbẹ̀ olóko ńlá àti alágbàṣe a pàdé lọ́jà, wọn a dúnàádúrà owó iṣẹ́ oṣù mẹ́fà. Tí ọ̀rọ̀ bá wọ̀, alágbàṣe a palẹ̀ ẹrù rẹ̀ mọ́, ó di bothy, ìyẹn ilé kótópó tí àwọn tó ń fi ẹṣin tulẹ̀ ń sùn sí nínú oko. Òtútù ń mú, iṣẹ́ ti tán, orin ló kù. Wọn kì í sì í fi orúkọ bò. Ọ̀gá tó bá ń febi pa òṣìṣẹ́, òun àti oko rẹ̀ di orin, kí ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn lè mọ ibi tí kò yẹ kó dé. Ó jọ bí orogún ṣe ń forin bá orogún wí, àfi pé àwọn a máa dárúkọ ẹni tí wọ́n ń bá wí.

Oko kan bẹ́ẹ̀ ni Guise of Tough, tí orin rẹ̀ wà nínú Away From My Window, àwo kíkún àkọ́kọ́ tí Fyfe gbé jáde ní 2018. Kò kọ ọ́ bí ẹni tó ń fi ohun àtijọ́ han àlejò. Ó kọ ọ́ bí ẹni tó mọ ọ̀nà oko náà.

Ṣùgbọ́n orin Glenlogie ló dùn mọ́ mi jù. Ọmọge kan tó ń jẹ́ Jean rí ọkùnrin ẹlẹ́ṣin kan, ọkàn rẹ̀ fà sí i, wọ́n ní ọkùnrin náà ti ní àfẹ́sọ́nà. Jean bá dùbúlẹ̀ àìsàn. Wọ́n kọ lẹ́tà, lẹ́tà dé ọwọ́ ọkùnrin náà, ó gun ẹṣin wá, ọ̀rọ̀ sì di ìgbéyàwó. Ẹlòmíràn ì bá fi ẹkún kọ ọ́. Ohùn Fyfe mọ́ gaara, kò gbọ̀n, kò sì gbé e sókè láti wá àtẹ́wọ́. Ìtàn ló jẹ́ kó máa lọ níwájú. Àṣà àwọn olórin agbègbè rẹ̀ nìyẹn. Jeannie Robertson, tí Hamish Henderson, olùkójọ orin ìbílẹ̀, ṣàwárí ní Aberdeen ní 1953, ń dá orin kọ láìsí ohun èlò kankan. Fyfe máa ń fi dùùrù àti àwọn ohun èlò mìíràn sí tirẹ̀. Lójú tèmi, ìgbà tí ohùn rẹ̀ nìkan bá ń dún ló dára jù.

Ó kẹ́kọ̀ọ́ orin ìbílẹ̀ ní Royal Conservatoire of Scotland, ní Glasgow. Ní 2018, wọ́n fún un ní àmì-ẹ̀yẹ olórin Scots tó ta yọ jù lọ lọ́dún náà.

Èdè Scots, èdè Skọ́tlándì tó fi ń kọrin yìí gan-an, ló sọ ọ́ di ajà-fún-èdè. Nínú ìkànìyàn 2011, ó lé ní mílíọ̀nù kan àtààbọ̀ ènìyàn tó ní àwọn ń sọ ọ́, síbẹ̀ Spotify kò kà á mọ́ èdè tí olórin lè yàn nígbà tó bá ń fi orin ránṣẹ́ sí wọn. Fyfe kọ lẹ́tà sí wọn ní gbangba. Ní 2021, wọ́n fi Scots kún un. Ọdún náà ló tún fi èdè yìí kọ Love Story ti Taylor Swift. Àwọn kan lè pè é ní eré, àmọ́ ọ̀dọ́ tí kò lè jókòó ti orin alágbàṣe yóò gbọ́ èyí.

Ẹ má torí pé ẹ kò gbọ́ èdè náà kí ẹ fò ó. Ẹ kọ́kọ́ gbọ́ Glenlogie, kí ẹ tó wá gbọ́ Guise of Tough.