Rotimi Fani-Kayode, Òṣogbo, àti Àwọn Ìwé Tí Ènìyàn Díẹ̀ Kà

Ní 1988, Ten.8, ìwé àtìgbàdégbà àwọn ayafọ́tò ní Birmingham, gbé àròkọ kan jáde tó ń jẹ́ "Traces of Ecstasy". Ayafọ́tò Rotimi Fani-Kayode ló kọ ọ́, ọmọ tí ìdílé rẹ̀ ti Ilé-Ifẹ̀ wá, tí wọ́n sá kúrò ní Nàìjíríà ní 1966 lẹ́yìn tí ológun gbàjọba. Nínú rẹ̀ ló ti sọ gbangba pé ọkùnrin ni òun fẹ́ràn. Ibẹ̀ náà ló ti ní iṣẹ́ òun bá ti àwọn oníṣọ̀nà Òṣogbo mu. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ló ń bá wọn pín o. Ohun tó rí lára wọn ni pé wọn ò jẹ́ kí ìmúnisìn tuntun gba ayé àṣírí àwọn babańlá lọ́wọ́ wọn.

Irú ìwé àtìgbàdégbà tó gba àwọn ọkùnrin tó fẹ́ràn ọkùnrin bíi rẹ̀ láyè kì í ní oǹkàwé púpọ̀. Adolf Brand bẹ̀rẹ̀ Der Eigene ní Berlin ní 1896. Der Kreis ti Zurich kò ju nǹkan bí 2,000 olùsanwó lọ nígbà tó gbòòrò jù. Ní Los Angeles, ilé ìfìwéránṣẹ́ kọ̀ láti gbé ìwé ONE ti oṣù kẹwàá 1954. Àwọn olóòtú rẹ̀ pẹjọ́, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà sì dá wọn láre ní 1958. Ìwé kékeré ló jà fún ẹ̀tọ́ tí àwọn ńláńlá jẹ lẹ́yìn náà.

Òṣogbo mọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Black Orpheus, ìwé lítíréṣọ̀ tí Ulli Beier dá sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1957, tí Susanne Wenger, ayàwòrán tó gbé ní Òṣogbo, ya púpọ̀ nínú èèpo ẹ̀yìn ìwé rẹ̀, kì í ṣe ìwé ọjà. Mbari Mbayo, ilé iṣẹ́ ọnà tí Duro Ladipo ṣí ní Òṣogbo ní 1962 náà, inú ọgbà ilé bàbá rẹ̀ ni.

Ní ọdún kan náà tí àròkọ yẹn jáde, Gay Men's Press ní London tẹ ìwé fọ́tò Fani-Kayode, Black Male/White Male. Fọ́tò rẹ̀ tí mo kà sí ọ̀gá ni Bronze Head ti 1987: ọkùnrin oníhòòhò lóṣòó sórí ère orí Ifẹ̀, bí ẹni tó ń rọbí. Ará London lè rí ara nìkan níbẹ̀. Àwa rí ìbí, a sì rí orí.

Òun fúnra rẹ̀ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó kọ̀wé pé bí òun bá ṣe àfihàn ní Èkó, ìjà á bẹ́, wọ́n á ní ìwà ìbàjẹ́ òyìnbó lòun ń kó kiri. Àmọ́ ó ronú pé àwọn ará oko lè dá Ṣọ̀pọ̀nná inú iṣẹ́ òun mọ̀. Ìyẹn ni gbólóhùn tó dùn mí jù, nítorí àwa ló ń bá sọ̀rọ̀, a ò sì sí níbẹ̀. Ó kú ní ọjọ́ 21 oṣù kejìlá 1989, ẹni ọdún 34. Òfin ọdún 2014 tó de ìgbéyàwó ọkùnrin sí ọkùnrin tàbí obìnrin sí obìnrin ní Nàìjíríà sì tún mú kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ le sí i nílé.

Síbẹ̀, òfin yẹn kò sọ lámèyítọ́ di ẹ̀ṣẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ni ní iṣẹ́ ọnà láti Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun dé Ifẹ̀, ẹ fi àròkọ yẹn síwájú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yín, kí wọ́n kà á pẹ̀lú iṣẹ́ àwọn oníṣọ̀nà Òṣogbo bíi Twins Seven-Seven àti Muraina Oyelami.