Ọ̀sẹ̀ gẹ́gẹ́ bí Òdiwọ̀n Àkókò nínú Ìtàn Sẹ̀gilọlá

Ẹ̀sùn kan wà tí ó rọrùn láti fi kan Ìtàn Ìgbésí Ayé Èmi Sẹ̀gilọlá, tí I. B. Thomas kọ: pé àwítúnwí inú rẹ̀ pọ̀ jù. Léraléra ni Sẹ̀gilọlá ń ráhùn nípa àìsàn rẹ̀, tí ó ń sunkún ayé tí ó ti kọjá, kí ó tó padà sórí ìtàn. Ẹni tí ó bá ka ìwé náà tán ní ìjókòó kan lè gbà pé òtítọ́ ni ẹ̀sùn yìí. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ní ìjókòó kan ni wọ́n kọ́kọ́ kà á.

Láti oṣù Keje ọdún 1929 títí di oṣù Kẹta ọdún 1930 ni ìtàn náà ń jáde bí lẹ́tà nínú Akéde Èkó, ìwé ìròyìn ọlọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ tí Thomas fúnra rẹ̀ jẹ́ olótùú rẹ̀. Ní 1930 ni ó di ìwé. Òǹkàwé Èkó ìgbà náà ní láti ná ọjà, kí ó ṣiṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀, kí ó lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì tàbí mọ́ṣáláṣí, kí lẹ́tà mìíràn tó dé. Láàrin àkókò náà, aláìsàn tí ń kọ̀wé lè kú. Nítorí náà, ìráhùn rẹ̀ kì í ṣe àsọdùn lásán. Ó ń fi yé òǹkàwé pé ẹ̀mí rẹ̀ ṣì wà.

Nínú Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ (1938) ti D. O. Fágúnwà, Àkàrà-Ògùn pẹ̀lú a máa dá ìtàn dúró, kí àwọn olùgbọ́ tó padà wá ní ọjọ́ kejì. Ṣùgbọ́n inú ìtàn ni ìdúró yẹn mọ sí. Òǹkàwé kàn ń ṣí ewé ni. Ní ti Sẹ̀gilọlá, ọ̀sẹ̀ inú ìtàn àti ọ̀sẹ̀ òǹkàwé dọ́gba, ìlú kan náà sì ni wọ́n jọ ń gbé. Abájọ tí àwọn òǹkàwé kan fi ń kọ̀wé sí olótùú bí ẹni pé obìnrin náà wà lóòótọ́.

Èyí kò wẹ iṣẹ́ náà mọ́ pátápátá. Níbi tí ìtàn kò bá ti ní ohun tuntun láti sọ, ìwàásù ni ó ń gba àyè rẹ̀. Síbẹ̀, lámèyítọ́ tí yóò ṣèdájọ́ àwítúnwí inú rẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ dá ọjọ́ méje padà sáàrin lẹ́tà kan àti èkejì.