Òkété, Ekòló àti Káà Ilẹ̀: Àgbéyẹ̀wò Ìgbé-Abẹ́-Ilẹ̀ nínú Lítíréṣọ̀ Alohùn

Ó ti di àṣà ní ọ̀pọ̀ iyàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ pé bí ìbéèrè bá ti jáde lórí òkété, ìdáhùn kan ṣoṣo ni akẹ́kọ̀ọ́ máa ń kọ sílẹ̀: òkété dúró fún ọ̀dàlẹ̀. Bí olùkọ́ bá bi í léèrè ìdí tí ó fi jẹ́ òkété, tí kì í ṣe ọ̀kẹ́rẹ́ tàbí ẹtu, yóò ní nítorí pé inú òkùnkùn ni ó ń gbé. Ìdáhùn yìí kò tó. Bí òkùnkùn abẹ́ ilẹ̀ bá jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀, ekòló jẹ̀bi, ikán jẹ̀bi, àwọn baba ńlá tí wọ́n sùn sínú ilẹ̀ pàápàá jẹ̀bi. Lítíréṣọ̀ alohùn Yorùbá kì í dá ará abẹ́ ilẹ̀ lẹ́bi nítorí ibùgbé rẹ̀. Àdéhùn tí ó wà láàrin òun àti ilẹ̀ ni ó fi ń ṣe ìdájọ́ rẹ̀.

Ó yẹ kí olùtúmọ̀ kọ́kọ́ mọ ẹranko náà. Àwọn àgbẹ̀ àti ọdẹ agbègbè Èjìgbò mọ̀ pé òru ni òkété ń jẹ̀. Pé inú ẹ̀rẹ̀kẹ́ ni ó ń kó ẹyìn àti ekùrọ́ sí wọ inú ihò lọ. Pé káà inú ihò náà ju ẹyọ kan lọ, bẹ́ẹ̀ náà sì ni ẹnu rẹ̀. Ìdí nìyí tí ọdẹ fi ń wá àwọn ẹnu yòókù dí kí ó tó fẹ́ èéfín sí ọ̀kan. Fún òkété, ọgbọ́n ààbò ni ẹnu púpọ̀ yìí. Ṣùgbọ́n nínú èdè Yorùbá, ẹlẹ́nu-méjì ni ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò dúró sójú kan. Ohun tí ọdẹ rí lóko ni akéwì sọ di àwòrán ìwà.

Ìtàn tí gbogbo ènìyàn mọ̀ ni pé òkété bá Ifá mulẹ̀, ó sì da Ifá. Kí akẹ́kọ̀ọ́ tú ọ̀rọ̀-ìṣe méjèèjì wò. *Mu ilẹ̀* ni ó di mulẹ̀. *Dà ilẹ̀* ni ó di dalẹ̀. Ilẹ̀ kan náà ni ó wà nínú àwọn méjèèjì, nítorí ilẹ̀ ni ẹlẹ́rìí àwọn tí ó ń mulẹ̀, òun náà sì ni ó ń gbẹ̀san lára ẹni tí ó bá yẹ àdéhùn. Ibí yìí ni ẹwà ìtàn náà wà. Ọ̀kẹ́rẹ́ lè dalẹ̀ kí ó sá gun igi. Òkété kò níbi tí yóò sá sí: inú ikùn ẹlẹ́rìí ni ilé rẹ̀ wà. Nígbà tí àwọn àgbà ń sọ pé ẹni tí ó bá dalẹ̀ yóò bálẹ̀ lọ, kò sí ẹranko tí òwe náà bá mu jù ú lọ.

Òwe mìíràn fi ẹ̀fẹ̀ kún ọ̀rọ̀ náà: òkété gbàgbé ìbòsí, ó dé orí àtẹ ó káwọ́ lérí. Ìfohunpènìyàn ni ọ̀nà-èdè tí ó gbé òwe yìí ró. Ẹni tí ó ti rí òkété gbígbẹ lọ́jà yóò mọ ohun tí ó fa ẹ̀rín, ṣùgbọ́n ẹ̀rín náà korò. Ihò tí ó ń fi ẹni pamọ́ fún ọ̀tá ni ó ń fi igbe ẹni pamọ́ fún olùrànlọ́wọ́.

Ẹ wá wo ekòló. Òun náà ń gbé inú òkùnkùn. Kò ní ojú, kò ní ẹsẹ̀. Síbẹ̀, bí àwọn akéwì bá ń júbà, òun ni wọ́n fi ń ṣe àpẹẹrẹ: bí ekòló bá júbà ilẹ̀, ilẹ̀ a lanu. Òkété fi èékánná gbẹ́ ọ̀nà tirẹ̀. Ekòló tọrọ, ilẹ̀ sì ṣí fún un. Ọ̀gẹ́rẹ́ afọkọ́yẹrí kan náà ni ó gba ọ̀kan tọwọ́ tẹsẹ̀, tí ó sì di ẹjọ́ sí èkejì lọ́rùn. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá gbé àwọn méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn kò ní sọ mọ́ pé òkùnkùn ni ẹ̀ṣẹ̀ òkété.

Ọmọ ènìyàn ńkọ́? Ní ọdún 1965, àwọn awalẹ̀pìtàn tí Thurstan Shaw ṣáájú wọn wa Ihò Eléérú nítòsí Ìsàrun ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó ti òde òní. Wọ́n rí eegun ẹni tí ó ti sùn síbẹ̀ fún ohun tí ó lé ní 10,000 ọdún. Ilé alààyè ni ihò náà, ibojì òkú sì ni pẹ̀lú. Èdè Yorùbá kò ya méjèèjì sọ́tọ̀ rárá. Bí ọba bá kú, ó wàjà. Bí àgbà bá kú, ó wọ káà ilẹ̀ lọ. Káà jẹ́ apá kan nínú agbo ilé, nítorí náà ẹni tí ó wọ káà ilẹ̀ kò kúrò nílé. Nígbà àtijọ́, inú ilé gan-an ni wọ́n ń sin àwọn àgbà sí, ojú oórì sì wà níbi tí àwọn ọmọ ń gbé. Ògún náà wọlẹ̀ ní Ìrè lẹ́yìn tí ó fi ìbínú pa àwọn ènìyàn rẹ̀. Kò sá fún ilẹ̀ tí ó ta ẹ̀jẹ̀ sí. Inú rẹ̀ ni ó wọ̀ lọ.

Ọ̀rọ̀ kan tí ó yẹ kí á yà sọ́tọ̀ ni kòtò. Ihò ni ilé. Kòtò ni ohun tí ẹnìkan gbẹ́ de ẹlòmíràn. Nínú àlọ́ Ìjàpá àti Erin, ẹní àti aṣọ ni wọ́n tẹ́ bo kòtò, tí wọ́n sì pè é ní ìtẹ́ ọba. Ilẹ̀ kò pa Erin; ẹ̀tàn àti ìfẹ́ oyè ni.

Òwe tí ó kù ni èyí tí ó kan Èjìgbò jù lọ: bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ní í mu. Kò sí ẹni tí ó wọ ihò lọ wò ó. Ohun tí ojú kò rí ni ọgbọ́n orí fi kún: àgbà kò jáde mọ́, síbẹ̀ kò kú, ó ní láti jẹ́ pé ọmọ ni ó ń bọ́ ọ. Ọjọ́ pẹ́ tí àwọn ọmọ Èjìgbò ti ń lọ sí Abidjan ní Côte d'Ivoire láti ṣòwò, tí àwọn òbí wọn sì ń retí owó àti ìròyìn nílé. Fún akẹ́kọ̀ọ́ tí ìyá rẹ̀ àgbà jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, òwe yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ eku. Àdéhùn ni ó ń sọ. Ọmọ tí ó gbàgbé ihò tí ó ti jáde ti dalẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ojú ọ̀sán gangan ni ó ń gbé.

Nítorí náà, bí ìbéèrè bá jáde, kí olùdáhùn má ṣe sọ pé òkété jẹ́ ọ̀dàlẹ̀ kí ó sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Kí ó wo irú òwe tí ó wà níwájú rẹ̀, nítorí ẹranko tí ó jẹ́ ọ̀dàlẹ̀ nínú ọ̀kan ni ó di òbí àgbà nínú èkejì. Ihò kan náà ni. Ohun tí ó yàtọ̀ ni bí ẹni inú rẹ̀ ṣe bá ilẹ̀ gbé.