Ilé Ẹ̀kọ́ Ìrágbèje: Obìnrin Dà?

Ìwé kan ni mo fẹ́ kí a jọ yẹ̀ wò. Orúkọ rẹ̀ ni Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀. D. O. Fágúnwà ni ó kọ ọ́. Tíṣà ni, ọmọ Òkè-Igbó ní Nàìjíríà. Wọ́n bí i ní ọdún 1903, ó sì kú ní 1963. Ọdún 1938 ni ìwé náà kọ́kọ́ jáde. Ní 1968, Wole Soyinka túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Gẹ̀ẹ́sì. Àwa Nàgó Ìfọ̀nyìn lè kà á láìsí ògbufọ̀. Bí ọ̀rọ̀ kan bá le lójú, ẹ kà á sókè. Etí yín yóò mọ̀ ọ́n.

Kí ni ìwé náà sọ? Ọdẹ kan tí ó ń jẹ́ Àkàrà-oògùn ni ó ń ròyìn ìrìn àjò rẹ̀. Ọba ìlú rẹ̀ rán òun àti àwọn ọdẹ mìíràn lọ sí Òkè Láńgbòdó. Ohun kan wà lọ́wọ́ ọba ibẹ̀ tí ó lè mú àlàáfíà bá ìlú. Iwin àti ẹbọra pọ̀ lójú ọ̀nà náà. Ṣùgbọ́n àwọn ọdẹ yìí kò lọ lọ́wọ́ òfo. Oògùn wà lára wọn, ọfọ̀ sì wà lẹ́nu wọn.

Ilé ẹ̀kọ́ méjì ni mo rí nínú ìwé yìí. Èkíní ni ti àjà. Ẹ̀yin náà ti gbọ́ ọ nílé pé àjà a máa gbé ènìyàn lọ sínú igbó, tí ẹni náà yóò sì mú ìmọ̀ oògùn bọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ó rí fún Ìmọ̀dóye, ọ̀kan nínú àwọn ọdẹ náà. Ọdún méje ni ó lò lọ́dọ̀ àjà, ataare kan ṣoṣo ni ó sì ń jẹ lóòjọ́. Ilé ẹ̀kọ́ kejì ni ti Ìrágbèje. Nígbà tí àwọn ọdẹ dé Láńgbòdó, ọba kò fún wọn ní ohun tí wọ́n wá gbà lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Ó ní kí wọ́n kọ́kọ́ lọ gbé ọjọ́ méje lọ́dọ̀ Ìrágbèje, nínú ilé olójúlé méje. Bàbá náà ń fi ìtàn kọ́ wọn lọ́gbọ́n. Ọ̀rọ̀ ọmọ títọ́ wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ ìwà náà sì wà níbẹ̀.

Ibí yìí ni mo ti yin Fágúnwà. Àwọn tí wọ́n ti bá iwin jà jókòó bí ọmọ ilé ìwé. Idán mú wọn dé orí òkè, ṣùgbọ́n idán nìkan kò lè tún ìlú ṣe. Ó kù kí wọ́n kọ́ bí ènìyàn ṣe ń bá ènìyàn gbé. Ẹni tí ojú bá ń tì láti wá sí kíláàsì nítorí pé ó ti dàgbà, kí ó rántí àwọn ọdẹ yìí.

Àríwísí mi nìyí. Nígbà tí mo ka ibẹ̀ fún kíláàsì wa, obìnrin kan tí ó ń ta gàrí gbé bíìkì rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní, "Tíṣà, èwo ni obìnrin nínú wọn?" Mo ṣí ìwé padà sẹ́yìn. Kò sí ìkankan nínú àwọn tí ó lọ sí Láńgbòdó.

A wá bẹ̀rẹ̀ sí wá obìnrin nínú ìwé náà. Bàbá Àkàrà-oògùn ní oògùn rẹpẹtẹ, ọdẹ ńlá ni wọ́n pè é. Ìyá rẹ̀ náà ní agbára, ṣùgbọ́n àjẹ́ burúkú ni wọ́n pè é, ó sì pa ọmọ ọkọ rẹ̀. Ìyàwó tí Kàkó fẹ́ gbé rọ̀ mọ́ ọn pé kí ó má lọ. Kàkó pa á, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Ẹni tí ó ń lọ wá àlàáfíà fún ìlú ni ó ṣe èyí! N kò ní purọ́ mọ́ Fágúnwà: obìnrin rere kan wà níbẹ̀, Ìrànlọ́wọ́ ni orúkọ rẹ̀, ó sì ran Àkàrà-oògùn lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n òun náà kò jókòó nílé Ìrágbèje.

Ẹnìkan lè sọ pé, "Ìtàn ọdẹ ni, ọkùnrin ni ó ń ṣọdẹ." Òótọ́ ni. Àmọ́ ohun tí a bá ń gbọ́ nínú ìtàn ni a máa ń tún sọ ní ìgboro. Ìyá àgbà mi mọ ewé. Bí ara ọmọ bá gbóná lóru, ilẹ̀kùn rẹ̀ ni wọ́n ń kàn. Bí ilẹ̀ bá mọ́, àwọn kan lára wọn á máa sọ lẹ́yìn rẹ̀ pé àjẹ́ ni. Bàbá kan ní àdúgbò wa mọ ewé bákan náà. Oníṣègùn ni wọ́n ń pe òun. Nítorí èyí, ìyá àgbà mi kò kọ́ ọmọ kankan. Kò fẹ́ kí wọ́n pe ọmọ náà ní àjẹ́. Nígbà tí ó kú, mo wà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Faransé ni wọ́n ń kọ́ wa. Kò sí ẹni tí ó kọ́ mi bí a ṣe ń kọ orúkọ ewé ní Nàgó. Ewé mẹ́ta péré ni mo rántí.

Nínú ìwé Fágúnwà, Àkàrà-oògùn fúnra rẹ̀ ni ó wá bá òǹkọ̀wé pé kí ó bá òun kọ ìtàn òun sílẹ̀, kí ó má baà bá òun kú. Ó mọ oògùn, síbẹ̀ ó wá ẹni tí ó mọ̀wé kọ. Pierre Verger, ọmọ Faransé tí ó gba Ifá ní Kétu tiwa níhìn-ín, ṣe irú iṣẹ́ yẹn. Ìwé rẹ̀ lórí ewé jáde ní 1995, oògùn 447 ni ó wà nínú rẹ̀. Ẹnu babaláwo ni ó ti gbà wọ́n. Ta ni yóò kọ ti àwọn ìyá?

Ẹ̀yin ará, ẹ wá ìwé Fágúnwà kà. Ó dùn, ó sì gbọ́n. Ṣùgbọ́n ẹ má kàn gbà á bẹ́ẹ̀. Ẹ béèrè ẹni tí ó kù síta. Kí olúkúlùkù wá ìyá àgbà kan tí ó mọ nǹkan, ìbáà ṣe ewé, ìbáà ṣe aró, ìbáà ṣe ìgbẹ̀bí. Kí ó jókòó tì í, kí ó kọ ohun kan tí ó sọ sínú kayé rẹ̀, pẹ̀lú orúkọ ìyá náà lókè. Ní ọjọ́ kíláàsì tí ó ń bọ̀, a ó kà á.