Ọ̀pálábá: Iṣẹ́ Adébáyọ̀ Fálétí Nínú Fíìmù Ṣaworoidẹ àti Agogo Èèwọ̀

Bí a bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ ṣe àtúpalẹ̀ àwọn ẹ̀dá-ìtàn inú Ṣaworoidẹ, Lápitẹ́, Lágàta àti Àyángalú ni yóò kọ́kọ́ dárúkọ. Bí ó bá tilẹ̀ rántí Ọ̀pálábá, yóò ní àgbàlagbà tí ń pòwe ni, ó parí. Ẹ̀bi akẹ́kọ̀ọ́ kọ́. Àwa olùkọ́ ni a kọ́ wọn pé ẹni tí ìṣẹ̀lẹ̀ dá lé lórí nìkan ni ó tó í yẹ̀ wò.

Kí Fálétí, tí ó papòdà ní 2017, tó di Ọ̀pálábá ní 1999, ó ti di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká nídìí ewì àti ìtàn àròsọ. Òun ni ó kọ Ọmọ Olókùn Ẹṣin àti Baṣọ̀run Gáà. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni ó kọ eré yìí, Túndé Kèlání sì darí rẹ̀ lábẹ́ Mainframe, ilé-iṣẹ́ tí ó dá sílẹ̀ fúnra rẹ̀. Akéwì tí ohùn rẹ̀ ti gbó ni wọ́n pè, kì í ṣe ẹni tí ń kọ́ bí a ṣe ń pòwe.

Lápitẹ́, tí Kọ́lá Oyèwọ̀ ṣe, kọ̀ láti gba gbẹ́rẹ́ tí ó yẹ kí ọba Jogbo gbà, kí ó lè ráyè kó ọrọ̀ jọ. Nígbà tí àwọn ìjòyè náà ń jẹ níbẹ̀, ta ni yóò sọ òtítọ́? Yorùbá ní ọba kì í mú ọ̀kọrin. Àyè tí òwe yìí ṣí sílẹ̀ ni Fálétí dúró sí. Kò jágbe mọ́ ẹnikẹ́ni. Yóò sọ ààbọ̀ ọ̀rọ̀ bí ẹni ń ṣàwàdà, yóò sì fi ìyókù sílẹ̀ fún ẹni tí ó létí. Òùngbọ́ tí kò bá lóye ààbọ̀ ọ̀rọ̀ náà kò ní mọ̀ pé ìkìlọ̀ ni.

Àwọn kan lè ní Fálétí kò ṣeré, pé ara rẹ̀ ni ó ń ṣe. A gbà pé ohùn rẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n bí òṣèré bá mọ ìgbà tí ó yẹ kí ó dákẹ́, eré ni ó ń ṣe. Ibi tí a ti rí àléébù ni Agogo Èèwọ̀ (2002). Ọba tuntun, Adébọ́sípò, fẹ́ òtítọ́; nítorí náà ẹ̀dà-ọ̀rọ̀ Ọ̀pálábá kò mú tó ti àtẹ̀yìnwá mọ́. Níbi tí kò ti sí ewu, àṣamọ̀ a máa di ìwàásù.

Ẹ̀bẹ̀ wa sí àwọn olùṣètò ìdánwò ni pé kí wọ́n yé béèrè olú ẹ̀dá-ìtàn nìkan. Kí wọ́n béèrè ohun tí Ọ̀pálábá sọ, ohun tí ó fi pamọ́, àti ìdí rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá dáhùn ìyẹn ti gbọ́ Yorùbá. Èyí tí ó kàn to orúkọ lẹ́sẹẹsẹ, àkọ́sórí ni ó kọ fún wa.