Gnonnas Pedro, akọrin elédè púpọ̀

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ wa, bí a bá ń ka àwọn akọrin ijó ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀, a kò lè fo Gnonnas Pedro. Ní 1943 ni wọ́n bí i ní Lokossa, nígbà tí ilẹ̀ wa ṣì ń jẹ́ Dàhòmè. Ó kú ní Kútọnu ní ọjọ́ 12 oṣù kẹjọ ọdún 2004. Òun fúnra rẹ̀ máa ń ṣe orin, òun náà sì ń kọ ọ́. Ó kọrin ní èdè Mínà, Adja, Fọ̀n, Faransé, Gẹ̀ẹ́sì àti Sípéènì. Ó sì kọ ní èdè tiwa.

Àwọn kan a máa sọ pé ẹni tí ń kọ orin gbogbo ayé kò ní ilé. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni ti Pedro rí? Ẹ jẹ́ kí a yẹ iṣẹ́ rẹ̀ wò.

Àkọ́kọ́ ni agbadja. Ijó ìbílẹ̀ ni, ti àwọn Mínà, Adja àti Ewe. Ìlù, agogo àti ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ ni wọ́n fi ń jó o. Pedro àti ẹgbẹ́ rẹ̀, Dadjes, fi gìtá àti fèrè òyìnbó kún un. Ohun èlò tuntun wọlé, ṣùgbọ́n ìjó náà kò sọnù. Lójú tèmi, ibí ni iṣẹ́ rẹ̀ ti dára jù lọ.

Èkejì ni orin Kúbà. Àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti etíkun wa gbé ìlù wọn dé Kúbà. Nígbà tí ó pẹ́, orin Kúbà padà wá bá wa nínú àwo. Pedro fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi pe ẹgbẹ́ rẹ̀ kan ní Pedro y sus Panchos, orúkọ èdè Sípéènì. Nígbà tí Pape Seck, akọrin ará Sẹ̀nẹ̀gàl, kú ní 1995, Pedro wọ ẹgbẹ́ Africando. Ẹgbẹ́ yìí kó àwọn akọrin Áfíríkà pọ̀ mọ́ àwọn eléré New York. Ohùn Pedro wà nínú àwo wọn, Gombo Salsa, tí ó jáde ní 1996. Èyí gbé orúkọ rẹ̀ jìnnà. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó bá ń kọrin ní èdè Sípéènì, ọ̀pọ̀ wa ń jó láìmọ ohun tí ó ń wí. Ohùn dùn, ọ̀rọ̀ kọjá lọ.

Ẹ̀kẹta ni orin tí ó kọ ní èdè wa, Fẹ̀sọ̀ jayé. Àwọn baba wa ní ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ojú agbo, níbi tí ènìyàn ti ń jayé gan-an, ni Pedro ti ń sọ pé kí a rọra. Ẹni tí ń jó kò bínú sí ìmọ̀ràn náà, nítorí ijó ló bá a wọlé. Ọgbọ́n akọrin nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ẹ wo bí wọ́n ṣe tẹ orúkọ orin náà: Feso Jaiye. Kò ní àmì kankan. Ẹni tí kò gbọ́ orin náà rí lè kà á bí ẹni pé èso igi ni a ó fi jayé! Àwa tí a gbọ́ ọ mọ̀ pé ẹ̀sọ̀ ni. Bí àwa bá lọ tán, ta ni yóò mọ̀?

Nítorí náà, Pedro ní ilé. Agbadja ni ilé rẹ̀. Ó kàn ń lọ kí àwọn ará àdúgbò ni. Èdè tiwa wà lára àwọn tí ó kí. Ìwé kíkọ ni ọ̀nà tí àwa náà lè gbà dá ìkíni náà padà. Kí olúkúlùkù yan orin ijó kan tí ó mọ̀ lórí. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ àti orúkọ ẹni tí ó kọ ọ́. Ẹ fi àmì sí i dáadáa, kí ọmọ tí kò gbọ́ orin náà rí lè kà á bí ó ti rí.