Kennedy ní Èkìtì: Orúkọ Ìdílé Tó Di Orúkọ Àbísọ

Ẹni tó bá gba ọ̀nà Adó-Èkìtì lọ sí Ìjan, tó sì ń ka orúkọ lára pátákó ṣọ́ọ̀bù, ìwé ìkéde òkú àti káàdì ìgbéyàwó, Fá, Ògún, Adé àti Olú ni yóò máa pàdé jù. Àmọ́ Patrick náà wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni Francis. Lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, Kennedy a yọjú. Patrick àti Francis kò ya ẹnikẹ́ni lẹ́nu, nítorí orúkọ ẹni mímọ́ ni wọ́n, ìjọ Àgùdà ló gbé wọn wá. Ti Kennedy ló ṣòro láti tú. Kì í ṣe orúkọ ẹni mímọ́. Ní Ireland tó ti ṣẹ̀ wá, orúkọ ìdílé ni, gbogbo ọmọ ilé ló ń jẹ́ ẹ. Síbẹ̀, ní Nàìjíríà, bàbá ń fi sọ ọmọ tuntun lójú agbo, bí ẹní ń sọ ọ́ ní Olúwọlé. Orúkọ yìí ni kóòṣì Kennedy Boboye ń jẹ́, ẹni tó gba ife líìgì Nàìjíríà pẹ̀lú Plateau United ní 2017 àti pẹ̀lú Akwa United ní 2021.

Ìtàn orúkọ náà jìn. Ọba kan jẹ ní gúúsù Ireland láyé ọjọ́un tó ń jẹ́ Cennétig, olórí ẹ̀yà Dál gCais, tó kú ní 951. Òun ló bí Brian Boru, ọba tí òkìkí rẹ̀ kò tíì kú ní Ireland títí dòní, ẹni tó bá ogun Clontarf lọ ní 1014. Ọmọ ẹ̀gbọ́n Brian kan jẹ́ orúkọ bàbá àgbà yìí, ọ̀dọ̀ rẹ̀ sì ni ìtàn ìdílé ti fi ìdí ilé Ó Cinnéide múlẹ̀, àwọn tó di ìjòyè alágbára ní Ormond, ní apá àríwá Tipperary. Ní èdè wọn, Ó ni ọmọ-ọmọ, Mac ni ọmọ. Obìnrin ilé kan náà kì í jẹ́ Ó, Ní ni tirẹ̀. Nígbà tí àṣẹ Gẹ̀ẹ́sì wá fẹsẹ̀ múlẹ̀ níbẹ̀, àwọn akọ̀wé ń kọ orúkọ bó ṣe rọ̀ wọ́n lẹ́nu. Ó já bọ́, Cinnéide di Kennedy.

Ará Èkìtì kò gbọ́dọ̀ ka èyí bí ìtàn ìlú òkèèrè lásán. Kí ìwé tó dé, ọmọ Èkìtì ní orúkọ tirẹ̀, ó ní oríkì, ó sì ní ilé tí wọ́n mọ̀ ọ́n mọ́. Kò ní orúkọ ìdílé. Rẹ́jísítà iléèwé àti ìwé owó orí ló sọ orúkọ bàbá tàbí bàbá àgbà kan di ohun tí gbogbo ìran rẹ̀ ń jẹ́. Fáyẹmí, Fáyóṣe, Fájuyì: ọmọ ìkókó kan ni wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn kí ó tó di ti agbo ilé. Ààmì ohùn orí wọn sì já bọ́ nínú ìwé akọ̀wé gẹ́gẹ́ bí Ó ṣe já bọ́ lára Cinnéide. Francis Adékúnlé Fájuyì, ọmọ Adó-Èkìtì, gómìnà ológun tó bá olórí ìjọba Nàìjíríà kú ní oṣù Keje 1966, tún gbé orúkọ bàbá rẹ̀ kọjá ilé: òun ló di orúkọ ọgbà ìrántí láàárín Adó, tí awakọ̀ ń pè láti já èrò sílẹ̀.

Ìtumọ̀ Kennedy gan-an ni yóò dí bàbá Yorùbá lọ́wọ́ bó bá gbọ́ ọ. Orí ni ceann tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà. Apá kejì ni àríyànjiyàn wà lé lórí: àwọn kan ní orí tí kò dára lójú ni, àwọn kan ní orí tó dé akoto ogun ni. Nílẹ̀ Ireland, orúkọ ìnagijẹ tó ń sọ bí ara ṣe rí kì í ṣe èébú. Àwọn ará Scotland tó ń sọ èdè tó bá ti wọn tan náà ní Campbell, ẹnu wíwọ́, tí àwọn ìdílé Sàró kan ní Èkó ń jẹ́. Yorùbá náà ń wo ara ọmọ sọ ọ́ lórúkọ, a ní Dàda. Ṣùgbọ́n orí kì í ṣe ẹ̀yà ara lásán lọ́dọ̀ wa. Orí lẹni yàn kó tó wáyé, Orí là ń bọ kí a tó bọ òòṣà. Kò sí ilé tí yóò mọ̀ọ́mọ̀ pe orí ọmọ ní orí tí kò dára. Lójú òǹkọ̀wé yìí, akoto ogun ló bá jagunjagun ọba bíi Cennétig mu jù, ibẹ̀ náà sì ni orúkọ yìí ti súnmọ́ Oríadé jù lọ.

Sísọ ọmọ ní orúkọ ìdílé kò ti ọwọ́ Yorùbá bẹ̀rẹ̀. Àwọn ọlọ́lá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ti ń ṣe é láti nǹkan bí ọ̀rúndún kẹrìndínlógún, pàápàá láti fi pa orúkọ ilé ìyá mọ́. Àpẹẹrẹ tó dára jù wà lára ààrẹ Amẹ́ríkà tó gbé Kennedy kárí ayé. John Fitzgerald Kennedy ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún. Fitzgerald ni orúkọ ilé tí wọ́n ti bí ìyá rẹ̀, Rose, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ olórí ìlú Boston nígbà kan. Ibẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ìjìnlẹ̀ wà: ọmọ Gerald ni ìtumọ̀ Fitzgerald. Bàbá bàbá àgbà rẹ̀, Patrick Kennedy, ló kúrò ní Wexford nígbà ìyàn ńlá tí àrùn pòtétò fà ní Ireland, tó bọ́ sí Boston. Ohun tí ilé wọn fi orúkọ àárín ṣe, oríkì orílẹ̀ ló ń bá Yorùbá ṣe é: a kì í ki ọmọ tán láì yà sí ilé ìyá rẹ̀.

Báwo wá ni Kennedy ṣe dé Èkìtì? Èèyàn lè rò pé àwọn àlùfáà ni. Lóòótọ́, ọwọ́ ará Ireland ni iṣẹ́ ìjọ Àgùdà níbẹ̀ wà fún ìgbà pípẹ́. Bíṣọ́ọ̀bù Thomas Hughes àti William Field tó tẹ̀ lé e ní Oǹdó, tí Èkìtì wà lábẹ́ rẹ̀ nígbà náà, ará Ireland ni wọ́n. Kàtídírà Adó-Èkìtì ń jẹ́ St. Patrick títí dòní, bíṣọ́ọ̀bù àkọ́kọ́ tí Èkìtì ní sì ni Michael Patrick Ọlátúnjí Fágún, ní 1972. Ṣùgbọ́n òfin ìjọ náà ti 1917 ní kí àlùfáà rí i pé orúkọ Kristẹni ni ọmọ gbà. Bí òbí bá yarí, kí ó fi orúkọ ẹni mímọ́ kan kún un. Òfin tuntun ti 1983 ló dẹ okùn náà. Nítorí náà, Patrick lè ti ọwọ́ àlùfáà wá. Kennedy kò lè gba ibẹ̀ wá.

Asọ̀rọ̀mágbèsì àti ìwé ìròyìn ló mú un wá. Iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV náà ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn ní 1959, ìlú ṣẹ̀ṣẹ̀ gba òmìnira ní 1960, ní oṣù Keje 1961 sì ni Tafawa Balewa lọ kí Kennedy ní Washington. Ọdún náà ni àwọn ọ̀dọ́ Peace Corps tí Kennedy dá sílẹ̀ dé Ìbàdàn. Ọ̀kan nínú wọn kọ káàdì sílé nípa ìdọ̀tí ìlú, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì sì fárígá. Síbẹ̀ ìyẹn kò ba orúkọ ọ̀gá wọn jẹ́. Nígbà tí wọ́n yìnbọn pa á ní Dallas ní ọjọ́ kejìlélógún oṣù Kọkànlá 1963, Nàìjíríà kò tíì lo oṣù méjì gẹ́gẹ́ bí orílẹ̀-èdè olómìnira tó ní ààrẹ tirẹ̀. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ, ilé sì ti fẹ̀ nígbà náà, ó ti dé Amẹ́ríkà. Abógundé ni ọmọ tó bá ogun dé. Ọmọ tí wọ́n sọ ní Kennedy nígbà yẹn, ìròyìn ló bá dé. Ọgbọ́n ìsọmọlórúkọ Yorùbá ni, bí ohùn rẹ̀ tilẹ̀ jẹ́ ti àjèjì.

Kí a má fi èyí gbé àjèjì lárugẹ ju bó ti yẹ lọ. Àwọn aṣáájú ní Èkó ti ja ìjà orúkọ kí a tó bí Kennedy. David Brown Vincent sọ ara rẹ̀ di Mojọlá Agbébí ní 1894. Edmund Macaulay, tí a bí ní 1866, bọ́ orúkọ Gaelic náà sílẹ̀, ó di Kitoyi Ajasa. Herbert Macaulay ní tirẹ̀ di Macaulay mú títí ó fi kú ní 1946. Ajasa tó gba orúkọ Yorùbá ló wá fi ìwé ìròyìn rẹ̀, Nigerian Pioneer, gbè sẹ́yìn ìjọba amúnisìn, tí Macaulay tí kò pààrọ̀ orúkọ sì ń bá ìjọba náà fà á. A kò lè fi orúkọ nìkan mọ ibi tí ọkàn ẹni wà.

Ibi tí Kennedy ti kù díẹ̀ káàtó ni oríkì. Àkàndé wà, Àjàní wà, Àdùkẹ́ wà, ìyá àgbà lè fi wọ́n pe ọmọ kí orí rẹ̀ wú. Kò sí ohun tí wọn yóò kì tẹ̀ lé Kennedy, àfi kí wọ́n lọ bá ilé Ó Cinnéide ní Ormond yá a. Ohun tó gba irú orúkọ bẹ́ẹ̀ là ni pé ìtàn bá a rìn: bàbá lè sọ ọdún, ẹni àti ìdí. Ryan tí àwọn òbí ń sọ ọmọ lónìí, orúkọ ìdílé ará Ireland ni òun náà, ṣùgbọ́n dídùn létí nìkan ni wọ́n sábà máa ń fi gbà á. Èyí dun ni. Èkìtì tó mọ orúkọ sọ tó bẹ́ẹ̀ kò yẹ kó sọ ọmọ ní ohun tí kò ní sọ nǹkan kan fún un.

Àyípo kan ṣì ń lọ lọ́wọ́. Ọmọ tí wọ́n sọ ní Kennedy ní 1963 ti lé ní ẹni ọgọ́ta ọdún. Àwọn ọmọ Nàìjíríà kan a máa fi orúkọ tí bàbá wọn ń jẹ́ ṣe orúkọ ìdílé, èyí tó túmọ̀ sí pé Kennedy tún lè padà sẹ́nu iṣẹ́ tó ń ṣe ní Ormond ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn, kí gbogbo ọmọ ilé kan máa jẹ́ ẹ. Ewu tó wà níbẹ̀ ni pé orúkọ Fá tí bàbá àgbà fi lé wọn lọ́wọ́ yóò bọ́ sí àárín nínú fọ́ọ̀mù ìdánwò WAEC, yóò sì ku F àti àmì ìdánudúró kan.